Bí Ẹ̀gà Ṣe Di Ẹyẹ Tí Kì í Dákẹ́

Nígbà láéláé, nígbà tí ẹ̀gà kì í pariwo rárá, Alágẹmọ ni ó kọ́kọ́ sọ fún Àwẹ̀ró pé Ọ̀yà ti sẹ́ gbèsè.

Àwẹ̀ró ni orúkọ ẹ̀gà náà. Opó ni. Ajíhun ọkọ rẹ̀ kò tíì pẹ́ tó kú. Ó fi àwọn ọmọ tí ìyẹ́ wọn kò tíì gbó sílẹ̀, ó sì fi agbọ̀n ọkà bàbà mẹ́fà sílẹ̀ lọ́wọ́ Ọ̀yà. Ogún tó fi sílẹ̀ kò ju ìyẹn lọ. Ẹ̀ẹ̀rùn sì ti dé. Koríko ti gbẹ, kòkòrò ti wọ inú ilẹ̀ lọ, ẹnu àwọn ọmọ kò sì mọ ẹ̀ẹ̀rùn yàtọ̀ sí òjò. Ebi ni wọ́n mọ̀.

Láyé ìgbà náà, ẹ̀gà kì í gbé pọ̀. Olúkúlùkù ló ní igi tirẹ̀ nínú igbó. Bí ẹ̀gà bá pàdé ẹ̀gà lọ́nà, wọn á mi orí síra wọn, ó tán. Wọn kì í sọ̀rọ̀ tí kò bá pọn dandan. Ẹyẹ tó dákẹ́ jùlọ nínú igbó ni wọ́n.

Alágẹmọ gun igi Àwẹ̀ró láti àárọ̀, ó di ọ̀sán kó tó dé òkè. Ó gbé ẹsẹ̀ kan, ó mì í, ó gbé e padà, ó tún gbé e.

"Ìyá àwọn ọmọ, ẹ kú ọ̀fọ̀ o. Ẹ kú ìrọ́jú."

"A dúpẹ́. Sọ ohun tó gbé ọ wá kí ilẹ̀ tó ṣú mọ́ ọ lórí igi mi."

"Mo gba ẹ̀bá ilé Ọ̀yà kọjá. Ó ń jẹun lọ́wọ́. Ó ń sọ fún ìyàwó rẹ̀ pé òun kò jẹ ẹnikẹ́ni ní nǹkan kan mọ́. Ó ní ẹni tó bá kú ti gbé àwìn tirẹ̀ lọ sọ́run."

"Ṣé wọ́n ní Ọ̀yà ló wí bẹ́ẹ̀, àbí ìwọ lo gbọ́ ọ?"

"Etí mi méjèèjì yìí ni."

Àwẹ̀ró kò sunkún. Ó ti sunkún tó nígbà tí ọkọ kú. Ó bo àwọn ọmọ rẹ̀ pẹ̀lú ewé, ó fò lọ.

Ó bá Ọ̀yà lẹ́nu ọ̀nà ilé rẹ̀, nínú eèsún, ó ń fi èékánná ta eyín. Láyé ìgbà náà, gbangba ni Ọ̀yà ń jókòó sí. Ara rẹ̀ ń dán. Ikùn rẹ̀ ṣíwájú rẹ̀ dé ibi tó bá ń lọ.

"Háà! Ìyàwó Ajíhun! Ẹ wọlé, ẹ wá mu omi."

"Òùngbẹ ò gbẹ mí. Ọkà àwọn ọmọ mi ni mo wá gbà."

"Ọkà wo?"

"Ọkà tí ọkọ mi gbé fún ọ láwìn nígbà tí iná jó oko rẹ. O ní bí o bá kórè, o ó dá a padà."

Ọ̀yà rẹ́rìn-ín. "Ìwọ obìnrin yìí, ṣé o wà níbẹ̀?"

Àwẹ̀ró kò sí níbẹ̀. Ó ń sàba lórí ẹyin lọ́jọ́ náà. "Ọkọ mi ló wà níbẹ̀."

"Ẹn-ẹ́n. Lọ pè é wá, kó wá sọ tẹnu rẹ̀."

Ìyàwó Ọ̀yà bú sẹ́rìn-ín nínú ilé. Àwọn ọmọ Ọ̀yà náà bú sẹ́rìn-ín. Àwẹ̀ró wò wọ́n. Ó rí ọkà bàbà létí ètè èyí tó kéré jù.

"Ó dáa, Ọ̀yà," ó ní. "Ó di orí Àpáta."

Ẹ̀rín náà dá wáí.

Kí ló wà lórí Àpáta tí ẹ̀rín fi dá? Ẹ fetí sílẹ̀.

Nígbà tí ayé ṣì tutù, olúkúlùkù ẹ̀dá ló ní èdè tirẹ̀, kò sì sí èdè tí irọ́ kò sí nínú rẹ̀. Bí ẹkùn bá ní òun kọ́ ló jẹ ewúrẹ́, ta ni yóò yẹ ẹnu rẹ̀ wò? Ẹni tó bá léyín jù ló ń jàre. Ìjà kì í tán. Ẹ̀jẹ̀ ń ṣàn wọ odò lójoojúmọ́.

Ìsàlẹ̀ odò náà ni Erinmi ń gbé. Ẹranko ńlá ni, ó tóbi ju ẹfọ̀n lọ, inú omi ni ilé rẹ̀. Gbogbo aáwọ̀ tí wọ́n bá ń ṣe lókè, omi á gbé e wá sí etí rẹ̀. Kò lè sùn. Ó fetí sílẹ̀ títí, ó gbọ́ irọ́ gbogbo tó wà láyé, kò sí èyí tí kò gbọ́. Nígbà tó sú u, ó bẹ̀rẹ̀ sí í ṣa ọ̀rọ̀ nísàlẹ̀ omi bí a ṣe ń ṣa òkúta. Ó ń fọ̀ wọ́n lọ́kọ̀ọ̀kan. Èyí tó bá ní ojú méjì, á jù ú nù. Èyí tó bá ń yọ̀ lọ́wọ́, á jù ú nù. Ohun tó ṣẹ́ kù kò pọ̀, ṣùgbọ́n ó le bí ekùrọ́. Ó gbé e jáde lójúmọ́ ọjọ́ kan, ó fi sọ̀rọ̀, odò sì dúró. Odò tó ń ṣàn, ó dúró gan-an, ó ń gbọ́.

Àfọ̀tán ni orúkọ èdè náà, nítorí pé ẹni tó bá bẹ̀rẹ̀ rẹ̀ gbọ́dọ̀ sọ ọ́ tán.

Kò sí "bóyá" nínú Àfọ̀tán. Kò sí "ó dà bí ẹni pé." Kò sí "wọ́n ní." Ẹnu ọ̀nà méjì péré ni ọ̀rọ̀ lè gbà jáde níbẹ̀. Bí o bá fojú ara rẹ rí nǹkan, o ó kọ́kọ́ wí pé, "Ṣẹ́rẹ́." Ìyẹn ni pé ojú mi ló rí i. Bí o bá gbọ́ ọ lẹ́nu ẹlòmíràn, o ó kọ́kọ́ wí pé, "Wọ́rọ́." Ìyẹn ni pé etí mi ló gbọ́ ọ. Lẹ́sẹ̀kẹsẹ̀ o gbọ́dọ̀ dárúkọ ẹni tó ni ẹnu náà, onítọ̀hún sì gbọ́dọ̀ dìde kó jẹ́ ẹ. Kò sí ẹnu ọ̀nà kẹta.

Ẹni tó bá gba ẹnu ọ̀nà tí kì í ṣe tirẹ̀, ahọ́n rẹ̀ á dúró sójú kan. Alángbá dán an wò. Ó wí pé "Ṣẹ́rẹ́" sí ohun tí kò rí. Ahọ́n rẹ̀ dúró. Ẹ wò ó lára ògiri bó ṣe ń mi orí títí dòní, ó ń gbìyànjú àtisọ̀rọ̀ ni.

Gbogbo ìyá ló ń kọ́ ọmọ rẹ̀ ní Àfọ̀tán, ṣùgbọ́n a kì í sọ ọ́ nílé. Ọmọ tó bá fi ṣeré, ìyá rẹ̀ á gbá a lẹ́nu. A kì í fi ná ọjà. Ta ló fẹ́ fi èdè tí kò ní irọ́ ná ọjà? Orí Àpáta nìkan la ti ń sọ ọ́, Àpáta pẹrẹsẹ tó wà láàárín odò, níbi tí Erinmi ti ń gbẹ́jọ́.

Ìdí nìyẹn tí ẹ̀rín fi dá lẹ́nu ìyàwó Ọ̀yà.

Nígbà tí ọjọ́ ẹjọ́ pé, igbó ṣófo. Gbogbo ẹ̀dá ló wá sétí odò. Etu wá, ìmàdò wá, ọ̀bọ gun igi kó lè ríran. Ọ̀pẹ kan tẹ̀ sórí omi lẹ́bàá Àpáta, orí rẹ̀ ni Àwẹ̀ró bà lé pẹ̀lú àwọn ọmọ rẹ̀. Àwọn ẹ̀gà yòókù náà wá. Wọ́n ta ká orí igi, olúkúlùkù jìnnà sí ẹnìkejì bí ìṣe wọn. Wọn kò sọ nǹkan kan.

Ọ̀pọ̀lọ́ ni akéde. Ó wú ọ̀fun.

"Ta ló ṣí ẹjọ́?"

"Èmi Àwẹ̀ró ni."

"Ṣé o mọ̀ pé ẹni tó bá ṣí Àfọ̀tán kò gbọdọ̀ panu dé títí ẹjọ́ yóò fi tán?"

"Mo mọ̀."

"Ṣé o mọ ohun tó máa ń ṣe ahọ́n òpùrọ́?"

"Ọ̀pọ̀lọ́, bi mí léèyí tí n kò mọ̀."

Ọ̀bọ fẹ́ rẹ́rìn-ín, ṣùgbọ́n omi ru sókè. Gbogbo ewé dúró lórí igi. Etí méjì yọ lórí omi, ojú méjì yọ tẹ̀lé e, kò sì sí ohun tó yọ mọ́. Erinmi nìyẹn. Kò sẹ́ni tó rí gbogbo ara rẹ̀ rí. Ojú náà wo Àwẹ̀ró, ó dà bí ẹni pé gbogbo odò ló ń wò ó.

Ọ̀rọ̀ dé ọ̀nà ọ̀fun Àwẹ̀ró. Ẹ jẹ́ ká sọ òtítọ́, "Ṣẹ́rẹ́" ló kọ́kọ́ wá sí ahọ́n rẹ̀. Ó ti ro ọ̀rọ̀ náà lóru títí ó fi ń rí i kedere: Ajíhun ń wọn ọkà, Ọ̀yà ń na agbọ̀n. Bí ó bá wí pé òun rí i, ẹjọ́ tán. Ṣùgbọ́n kò rí i. Ó wo àwọn ọmọ rẹ̀. Bí ahọ́n òun bá dúró, ta ni yóò pè wọ́n bọ̀ wálé?

"Wọ́rọ́," ó ní. "Ajíhun."

Odò dúró.

"Wọ́rọ́, Ajíhun: Ọ̀yà gba agbọ̀n ọkà mẹ́fà, kò dá a padà."

Gbogbo èrò mí kanlẹ̀. Wọ́n mọ̀ pé òkú ló dárúkọ.

Ọ̀yà dìde. Ara rẹ̀ balẹ̀. "Ṣẹ́rẹ́," ó ní. "Àwẹ̀ró kò fún mi ní hóró ọkà kan rí."

Gbogbo ojú lọ sí ẹnu rẹ̀. Ahọ́n rẹ̀ ò dúró. Ó tilẹ̀ fi lá ètè. Òtítọ́ ló sọ, àbí irọ́? Àwẹ̀ró kọ́ ló fún un. Alárékérekè ẹranko! Ó ti jókòó nílé, ó ti wá òtítọ́ tí yóò bá irọ́ rẹ̀ ṣiṣẹ́.

Nígbà náà ni Erinmi sọ̀rọ̀. Ohùn rẹ̀ kò ti ẹnu jáde. Abẹ́ ẹsẹ̀ gbogbo wọn ló ti jáde, láti inú ilẹ̀.

"Ajíhun dà?"

Àwọn ẹranko ń wo ẹ̀yìn wọn.

"Ẹ pè é kó le dáadáa," Ọ̀yà wí. "Oorun rẹ̀ wúwo."

"Ajíhun dà?"

Atẹ́gùn kò fẹ́. Erinmi bẹ̀rẹ̀ sí í rì. Bí ojú rẹ̀ bá wọ omi, ẹjọ́ ti kú nìyẹn. Omi dé ìdajì ojú rẹ̀. Ọ̀yà ti ń gbọn ìdí kó lè máa lọ sílé.

Lórí ẹ̀ka kan lápá ọ̀tún, ẹnì kan húkọ́. Ẹ̀gà arúgbó kan ni, Ìyá Ògbó ni wọ́n ń pè é. Ìyá Ògbó wà lára àwọn tó wá kí Ajíhun nígbà tó ń ṣàìsàn.

Ẹ rí i, nígbà tí àìsàn dá Ajíhun dùbúlẹ̀, àwọn ẹ̀gà ń yọjú sí i lọ́kọ̀ọ̀kan. Kò sì sí ẹni tó wọlé tí Ajíhun kò sọ ọ̀rọ̀ ọkà fún. Kò ní jẹ́ kí wọ́n kí òun tán. Ojú máa ń ti Àwẹ̀ró. Á ní, "Bàbá àwọn ọmọ, a kì í fi gbèsè ṣe àlejò. Ẹ jẹ́ kí wọ́n jókòó ná." Ajíhun kò gbọ́. Àwọn àlejò ń rò pé ibà ló ń sọ̀rọ̀ lẹ́nu rẹ̀. Wọ́n á mi orí, wọ́n á lọ sílé, wọn kò sì sọ fún ara wọn, nítorí ẹ̀gà kì í bá ẹ̀gà sọ̀rọ̀.

"Wọ́rọ́," Ìyá Ògbó wí. "Ajíhun. Ó ní, 'Ọ̀yà ló gba ọkà àwọn ọmọ mi o. Ẹ bá mi gbọ́ ọ.'"

Omi dúró ní ìdajì ojú Erinmi.

Lórí igi mìíràn, ẹ̀gà mìíràn wí pé, "Wọ́rọ́. Ajíhun. 'Ọ̀yà ló gba ọkà àwọn ọmọ mi o. Ẹ bá mi gbọ́ ọ.'"

Òmíràn wí bẹ́ẹ̀. Òmíràn tún wí bẹ́ẹ̀. Ó kọ́kọ́ ń kán bí òjò tó ń ta sórí ewé kókò, kán, kán, ó wá di ọ̀wààrà. Gbogbo igi etí odò ló ń sọ ọ́. Olúkúlùkù ló sì ń sọ ọ́ bí òun ṣe gbọ́ ọ gan-an, nítorí Àfọ̀tán kò gba àfikún, kò gba àyọkúrò. Bí Ajíhun ṣe ń fa "o" rẹ̀ gùn, bẹ́ẹ̀ ni wọ́n fà á. Ibi tí ó ti ń dúró mí, ibẹ̀ ni wọ́n dúró sí. Títí ó fi jẹ́ pé ohùn ẹ̀gà kọ́ la ń gbọ́ mọ́. Ohùn kan ṣoṣo ni, ohùn ọkùnrin tó rẹ̀, tó ń ti ibi gbogbo wá lẹ́ẹ̀kan náà.

Gbogbo ìyẹ́ ara Àwẹ̀ró dìde. Ọmọ rẹ̀ kékeré gbé orí sókè, ó ń wo ọ̀run, ó ń wo omi.

"Ìyá wa," ó ní, "Bàbá dé."

Etu wólẹ̀. Ìmàdò wólẹ̀. Ọ̀bọ fi ọwọ́ bo ojú. Erinmi ń jáde bọ̀. Etí yọ, ojú yọ, ọrùn yọ, èjìká yọ, omi ń ṣàn kúrò lára rẹ̀ bí òkè tó ń ti inú odò hù. Ọ̀pẹ mì láti gbòǹgbò. Ọjọ́ náà nìkan ni ẹnikẹ́ni rí èjìká Erinmi.

"Mo gbọ́ ọ, Ajíhun," ó wí. "O ti dúró."

Ẹ̀rù ba Ọ̀yà, inú sì ń bí i. Bí ẹ̀rù àti ìbínú bá pàdé nínú ẹnì kan, ọgbọ́n á bá ẹ̀yìnkùlé jáde. Ó fẹ́ já gbogbo àwọn ẹ̀gà náà nírọ́. Ó fẹ́ sọ pé wọn kò sí níbẹ̀. Ṣùgbọ́n nínú Àfọ̀tán, kò lè sọ ọ́ lásán. Ó gbọ́dọ̀ gba ọ̀kan nínú ẹnu ọ̀nà méjèèjì.

"Ṣẹ́rẹ́!" ó pariwo. "Ṣẹ́rẹ́! Kò sí ẹnì kankan nínú yín níbẹ̀ nígbà tí Ajíhun ń wọn ọkà náà!"

Gbogbo ojú tún lọ sí ẹnu rẹ̀.

Ahọ́n Ọ̀yà ò dúró. Òtítọ́ ló sọ. Ojú rẹ̀ ló rí i.

Ọ̀pọ̀lọ́ ló kọ́kọ́ yé. Ọ̀fun rẹ̀ wú, ó wú, ó fẹ́rẹ̀ẹ́ bẹ́. "Ó rí i nígbà tí Ajíhun ń wọn ọkà," ó wí, díẹ̀díẹ̀.

"Èmi kò ní bẹ́ẹ̀ lọ́kàn," Ọ̀yà wí.

"Ohun tó wà lẹ́nu rẹ la gbọ́," ni Ọ̀pọ̀lọ́ wí. "Ti ọkàn rẹ, máa gbé e lọ sílé."

Erinmi dájọ́. "Ọ̀yà, san án. Ẹ̀yin ẹ̀gà, ẹ gbọ́. Òkú kò ní ẹsẹ̀ tó fi dúró lórí Àpáta yìí bí kò ṣe ẹnu yín. Ẹjọ́ kò tíì tán. Bí ẹ bá panu dé kí ọkà tó pé, Ajíhun jókòó, ẹjọ́ kú."

"Mo ti jẹ ẹ́," Ọ̀yà wí, ohùn rẹ̀ ti kéré.

"O ó gbìn ín."

Ó sì wọ omi lọ.

Agbọ̀n kan ló kù nínú àká Ọ̀yà. Wọ́n gbà á lójú ẹsẹ̀, ìyẹn làwọn ọmọ Àwẹ̀ró fi rí ẹ̀ẹ̀rùn yẹn já. Ìyókù di ìgbà ìkórè. Báyìí ni àwọn ẹ̀gà ò fi lè padà sórí igi wọn mọ́. Ẹnì kan kò lè dá ẹjọ́ sọ tọ̀sán-tòru. Bí èyí bá ń jẹun, ìyẹn á máa sọ. Bí ìyẹn bá lọ bomi mu, èyí á gbà á. Gbogbo wọn kó wá sórí ọ̀pẹ kan ṣoṣo náà. Wọ́n ya imọ̀ rẹ̀ tẹ́ẹ́rẹ́ tẹ́ẹ́rẹ́, wọ́n fi hun ilé síbẹ̀, wọ́n sì kọ ẹnu ilé náà sísàlẹ̀, kí ọ̀rọ̀ lè máa bọ́ sínú omi tààrà fún Erinmi láti gbọ́. Ẹ̀gà tí kì í kí ara wọn! Wọ́n di ara ilé kan.

"Sún sọ́hùn-ún, ìyẹ́ rẹ wà lójú mi."

"Ojú rẹ ló tóbi jù. Wọ́rọ́, Ajíhun."

Ọ̀yà kò sùn mọ́. Ó jáde wá sábẹ́ ọ̀pẹ, ó di etí méjèèjì mú.

"Ẹ̀yin ará mi, ẹ jọ̀ọ́. Ẹ dákẹ́ díẹ̀. Orí ń fọ́ mi."

"Lọ fi ọkà ra oògùn," ẹnì kan kígbe láti òkè.

"Àwẹ̀ró, gba ààbọ̀. Ẹ jẹ́ ká parí ẹ̀ láàárín ara wa bí ọmọ ìyá."

"Wọ́rọ́, Ajíhun," Àwẹ̀ró ń wí lọ.

Ìyá Ògbó ló bá a dáhùn. "Kò sí ọ̀rọ̀ tó ń jẹ́ ààbọ̀ nínú Àfọ̀tán. Mo ti wá a."

Ọ̀yà lọ, ó gbin ọkà. Ṣùgbọ́n ó ń retí kí ó rẹ̀ wọ́n.

Ó fẹ́rẹ̀ẹ́ rí i bẹ́ẹ̀. Òjò ńlá kan rọ̀. Ìjì gbé imọ̀ ọ̀pẹ, ó ń fi í na omi. Àwọn ẹ̀gà sá wọ ilé, òtútù mú wọn, ọ̀fun wọn di. Ọ̀kan dákẹ́. Òmíràn dákẹ́. Ó wá ku Àwẹ̀ró nìkan, ó fi èékánná di ẹ̀ka mú nínú òjò, ó ń wí pé "Wọ́rọ́, Ajíhun," ohùn rẹ̀ ti ha. Ó bojú wolẹ̀, ó rí Ọ̀yà nísàlẹ̀ tó gbé etí sókè. Ìdákẹ́jẹ́ ló ń dúró dè.

Àwẹ̀ró gbé ẹnu sókè, kò sí ohùn níbẹ̀ mọ́.

Àfi bí ohùn ṣe jáde láti inú ilé tó wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀, ohùn tín-ín-rín. Òmíràn jáde láti ilé kejì. Àwọn ọmọ tí wọ́n ṣẹ̀ṣẹ̀ pa látinú ẹyin lórí ọ̀pẹ náà ni. Kò sẹ́ni tó kọ́ wọn. Inú ẹyin ni wọ́n ti ń gbọ́ ọ. Wọn kò gbọ́ èdè mìíràn rí láti ìgbà tí wọ́n ti dáyé.

"Wọ́rọ́! Ajíhun! Wọ́rọ́! Ajíhun!"

Àwọn ìyá wọn gbọ́ ọ. Ojú tì wọ́n, wọ́n gbà á. Ọ̀pẹ náà hó. Òjò ń pariwo, àwọn náà ń pariwo, òjò ló kọ́kọ́ rẹ̀. Ọ̀yà fi orí sábẹ́ eèsún, ó lọ sílé. Láti ìgbà náà ni kò ti jókòó sí gbangba mọ́.

Láàárín ìgbà yìí, àwọn ẹ̀dá yòókù ti ń bẹ̀rù Àfọ̀tán. Wọ́n ní, "Ẹ̀yin èèyàn, ta ló fẹ́ èdè tí òkú lè fi sin ni lówó?" Wọn ò kọ́ ọmọ wọn mọ́. Bí ìjà bá dé, wọn á parí rẹ̀ nílé, wọn á ní "bóyá," wọn á ní "wọ́n ní," ara sì tù wọ́n. Àpáta ta èéhù.

Ìkórè dé. Ọ̀yà ń ru agbọ̀n wá lọ́kọ̀ọ̀kan, ó ń gbé e kalẹ̀ sábẹ́ ọ̀pẹ. Àwẹ̀ró á sọ̀ kalẹ̀, á yẹ̀ ẹ́ wò, á ti ọwọ́ bọ ìsàlẹ̀ rẹ̀ wò bóyá iyanrìn wà níbẹ̀, kò sì ní dẹ́kun ọ̀rọ̀ lẹ́nu. Ó ku ẹyọ kan. Ọ̀yà gbé e dé. Agbọ̀n náà kún, ṣùgbọ́n kò kún dé etí. Ẹ̀rẹ̀kẹ́ Ọ̀yà méjèèjì sì wú.

"Ẹ káàárọ̀," Ọ̀yà fi imú wí.

"Ọ̀yà, la ẹnu."

Ọ̀yà mi orí.

"La ẹnu, mo ní."

Gbogbo ọ̀pẹ ló bojú wò ó. Ó la ẹnu. Ọkà dà sínú agbọ̀n, ṣààà. Ó fẹ́ yí padà.

"Èyí tó há sí eyín ńkọ́?"

Ọ̀yà fi èékánná yọ ọ́. Hóró kan ni. Ó wò ó, ó wo Àwẹ̀ró, ó gbé e lé orí ọkà yòókù. Agbọ̀n kún dé etí. Gbèsè Ajíhun pé.

Àwẹ̀ró kọjú sódò. Ọ̀rọ̀ kan wà tí a fi ń ti ilẹ̀kùn Àfọ̀tán. "Fíì," ó wí, ó sì panu dé. Omi ru díẹ̀, bí ẹni tó ń mi orí nísàlẹ̀, ó sì ń ṣàn lọ.

Ṣùgbọ́n ọ̀pẹ kò dákẹ́. Àwọn ọmọ tí wọ́n pa síbẹ̀ ti rí ọkà náà tó pé. Wọ́n ń jó lórí imọ̀, wọ́n ń fi èdè kan ṣoṣo tí wọ́n gbọ́ kígbe, "Ṣẹ́rẹ́! Ṣẹ́rẹ́! Ṣẹ́rẹ́!" Ojú wa ló rí i.

Láti ọjọ́ náà ni ẹ̀gà ti ń gbé pọ̀ lórí ọ̀pẹ kan, tí wọ́n ń ya imọ̀ rẹ̀, tí ẹnu ilé wọn ń wo ilẹ̀, tí wọ́n sì ń sọ Àfọ̀tán láti òwúrọ̀ títí di alẹ́. Àwa tí ìyá wa kò kọ́ wa la jókòó nísàlẹ̀, tí à ń sọ pé ẹ̀gà ń pàtótó.